Iṣu Tí Mo Kẹ́gàn ní Kútọnu

Ọjọ́ kan wà tí mo ti lé títí, kò kúrò lọ́kàn mi. Mo lè jókòó sábẹ́ igi kajú lóko, kí atẹ́gùn máa fẹ́, kí n rò pé ara ti tù mí, ọjọ́ yẹn á kàn yọjú, á sì bẹ̀rẹ̀ sí í fi mí ṣẹ̀sín. Èmi kì í ṣe ẹni tó ń sọ̀rọ̀. Gbogbo Manigri ló mọ̀. Ìyàwó mi máa ń sọ pé bí òun bá fẹ́ gbọ́ ohùn mi, àfi kí òun tẹ̀ mí lẹ́sẹ̀ mọ́lẹ̀. Ṣùgbọ́n ọmọ ọmọ mi tó ń bá mi kọ èyí ò jẹ́ kí n sinmi: "Baba, ẹ sọ ti Kútọnu." Ó dáa. Màá sọ ọ́ lẹ́ẹ̀kan. Kí ẹnikẹ́ni má ní kí n tún un sọ.

Ẹ kọ́kọ́ jẹ́ kí n sọ bí wọ́n ṣe ń jẹun ní Kútọnu látijọ́, torí ẹ̀yin ọmọ ìsinsìnyí rò pé láti ìgbà táláyé ti dáyé ni ilé oúnjẹ ti ń ní fáànù. Nígbà tí mo wà lọ́dọ̀ọ́, mo máa ń bá ọkọ̀ iṣu lọ láti ọjà Bassila. Orí iṣu la máa ń jókòó sí títí a ó fi dé Kútọnu. Àwọn obìnrin ọ̀dọ̀ wa ti tẹ̀ lé ọkọ̀ iṣu lọ síbẹ̀ ṣáájú wa. Iṣu tó bá kán lójú ọ̀nà, tí ọlọ́jà ò fẹ́, àwọn ló ń kó o. Wọ́n á gbé odó sílẹ̀ nínú ibùdókọ̀, wọ́n á to òkúta, wọ́n á gbé ìkòkò kaná. Ó tán. Ilé oúnjẹ ti dé nìyẹn. Táyà tó ti kú ni àga. Inú bàsíà kan náà ni awakọ̀ ti ń fọwọ́, òun náà ni alábàárù fi ń fọwọ́. Ìyá tó gún iyán ló máa bù ú, òun náà ló sì máa bú ọ tó o bá ń fi oúnjẹ ṣeré. Àwa tí ò ní nǹkan kan là ń jẹ níbẹ̀, a sì ń yó.

Nígbà tó yá, wọ́n na imọ̀ ọ̀pẹ lé e lórí. Imọ̀ ọ̀pẹ di páànù. Táyà di bẹ́ńṣì. Àwọn ọmọ wọn gba odó lọ́wọ́ wọn, wọ́n ní ó ti di màkí. Màkí lorúkọ tí wọ́n ń pe ilé oúnjẹ tó bá ti bẹ̀rẹ̀ sí í gbéra ga. Ní àwọn kan lára wọn, wọ́n ti kan igbá mọ́ ògiri. Igbá! Èyí tí ìyá mi fi ń bomi fún ewúrẹ́. Wọ́n ní kí àlejò lè mọ̀ pé oúnjẹ ìbílẹ̀ ni wọ́n ń tà. Ṣé ẹni tó ń jẹ iyán ò mọ̀ pé iyán lòun ń jẹ ni? Wọ́n tún to fọ́ọ̀kì sẹ́gbẹ̀ẹ́ iyán. Mo ti rí ọmọkùnrin kan níbẹ̀ tó ń fi fọ́ọ̀kì gún iyán bí ẹni tó ń wá ẹja nínú ihò. Ojú ń tì mí dípò ìyá rẹ̀.

Irú ẹni tí mo jẹ́ nìyẹn nígbà tí mo wọ ọkọ̀ lọ sí Kútọnu lọ́jọ́ tí mò ń wí yìí. Ẹ̀gàn kún inú mi bámúbámú.

Ohun tí mo bá lọ nìyí. Ràímì, àbíkẹ́yìn mi, ń tún alùpùpù ṣe ní Kútọnu. Ó rí ọmọbìnrin kan níbẹ̀ tó ń jẹ́ Àdízà, ó ní òun ni òun máa fẹ́. Ará Doguè làwọn òbí rẹ̀, ẹsẹ̀ kan sí wa ni Doguè, ṣùgbọ́n ó ti pẹ́ tí wọ́n ti kó lọ sí Kútọnu. Ẹbí jókòó, wọ́n ní èmi ni kí n lọ tọrọ ọmọ náà, torí ẹni tí kì í sọ̀rọ̀ ò lè ṣìsọ. Wọ́n fi àbúrò mi Bùráímọ̀ kún un, ẹni tí ẹnu rẹ̀ kì í dákẹ́, kó lè máa ṣàdúrà.

Ràímì pè mí lórí fóònù kí n tó gbéra.

"Baba, ẹ jọ̀ọ́. Bàbá rẹ̀ ò níṣòro. Ìyá rẹ̀ ló le."

"Kí ló ṣe ìyá rẹ̀?"

"Òun ló ni ìpinnu. Ọkùnrin kan tó ń ṣiṣẹ́ níbodè sì ti ń wọlé tọ̀ wọ́n, ó ń gbé mọ́tò wá. Bí ìyá yẹn bá fi lè sọ pé rárá lónìí, ó parí nìyẹn. Baba, mi ò ní fẹ́ ẹlòmíì o."

Mo ní, "Mo gbọ́." Mo pa fóònù.

Fúnra mi ni mo ṣa iṣu tá a máa gbé lọ. Láboko ni, iṣu tá a fi ń gún iyán fún ẹni ẹ̀yẹ. Mo wọ inú àká, mò ń gbá wọn ní ìka lọ́kọ̀ọ̀kan, mò ń gbọ́ ohùn wọn. Mo sọ fún Bùráímọ̀ pé kò síṣu tó wà láyé yìí tí màá fi sẹ́nu tí mi ò ní mọ ilẹ̀ tó ti hù. Ó ní bẹ́ẹ̀ ni, ẹ̀gbọ́n. Bẹ́ẹ̀ ni ló máa ń sọ.

Nílé tiwa, ẹni tó bá lọ tọrọ ọmọ kì í fi nǹkan kan sẹ́nu nílé àna, àfi omi, títí wọ́n á fi dá a lóhùn. Ẹni tó bá jẹun wọn ṣáájú ìdáhùn, ó ti ta ẹnu ara rẹ̀ nìyẹn. Ohunkóhun tí wọ́n bá ní kó ṣe, kò lè kọ̀. Bẹ́ẹ̀ làwọn bàbá wa ṣe ń ṣe é. Ìyẹn nìkan kọ́, èmi kì í jẹun lójú ọ̀nà. Mímì ọkọ̀ máa ń da inú mi rú. Nítorí náà, láti Manigri, títí a fi kọjá Savalou, títí a fi kọjá Bohicon, títí a fi wọ Kútọnu, omi ni mò ń mu.

Bàbá Àdízà gbà wá tọwọ́tẹsẹ̀. Awakọ̀ ni tẹ́lẹ̀, ó ti fi iṣẹ́ sílẹ̀. Ọkùnrin jẹ́jẹ́ ni. Ó mú wa wọ pálọ̀, àwa ọkùnrin nìkan, torí àwọn obìnrin ò ní wọlé títí ọ̀rọ̀ á fi dé ibi tí wọ́n á pè wọ́n. Ọwọ́ kan láti ẹ̀yìn kọ́tìnì ló gba iṣu wa. À ń gbọ́ ìró odó lẹ́yìn ilé. Bàbá náà ní, "Wọ́n ń gún iyán fún yín. Ṣùgbọ́n ẹ ó ṣe sùúrù fún ìdáhùn. Ẹ̀gbọ́n mi ń bọ̀ láti Àjàṣẹ́, láìsí i mi ò lè sọ nǹkan kan."

Kò pẹ́, ọwọ́ ẹ̀yìn kọ́tìnì tún yọ, ó gbé abọ́ iyán wá, ó gbé ọbẹ̀ ẹ̀gúsí wá pẹ̀lú wàgásì, wàrà àwọn Fúlàní, tó ń dán lórí rẹ̀. Inú mi kígbe. Ẹnu mi ló dáhùn:

"A ò ní jẹ ẹ́."

"Hàà, Baba! Kí ló dé?"

Mo wá ṣàlàyé àṣà wa. Ó yẹ kí n dúró níbẹ̀. Ṣùgbọ́n mo fi kún un. Mo ní, "Ajá ló ń jẹun nílé tí kò tíì mọ̀ bóyá wọ́n máa gbà á sílé. Àwa kì í ṣe ajá." Bàbá náà mirí, ó ní ó dáa bẹ́ẹ̀, àwọn tó láṣà nìyí. Ó gbé abọ́ pa dà fún ọwọ́ ẹ̀yìn kọ́tìnì. Bùráímọ̀ ń fojú tẹ̀ lé abọ́ náà bí ẹni tí wọ́n ń gbé òkú ìyá rẹ̀ jáde.

A jókòó. Ẹ̀gbọ́n Àjàṣẹ́ ò dé. A tún jókòó. Inú mi bẹ̀rẹ̀ sí í sọ̀rọ̀ débi pé Bàbá Àdízà ń yíjú wo ojú fèrèsé, ó rò pé alùpùpù kan ń dé. Nígbà tó yá, mo dìde, mo ní mo fẹ́ na ẹsẹ̀ díẹ̀.

Àdúgbò wọn nínú Kútọnu, yanrìn ni gbogbo ẹ̀, gbogbo ògiri rẹ̀ jọra, gbogbo ẹnu ọ̀nà rẹ̀ jọra. Mo yà sọ́tùn-ún. Mo yà. Mo tún yà. Òórùn ẹ̀gúsí gbá mi nímú, ó dì mí lẹ́wù mú. Ìsọ̀ páànù kan ló ti ń wá. Wọ́n to bẹ́ńṣì sábẹ́ rẹ̀, wọ́n fi aṣọ báàṣì, èyí tí wọ́n fi ń bo ẹrù ọkọ̀, dí ẹ̀yìn rẹ̀ pa. Àwọn oní-sẹmíjàn, àwọn tó ń fi alùpùpù gbé èrò, ló kún orí bẹ́ńṣì pẹ̀lú ẹ̀wù aláwọ̀ ìyeyè wọn. Wọ́n kọ nǹkan gàdàgbà sára pátákó kan lókè. Èmi ò mọ̀wé kà. Ẹ̀yìn ìgbà náà ni wọ́n tó sọ fún mi pé orúkọ ilé tí mo ti jáde ló wà níbẹ̀.

Mo ní lọ́kàn mi pé ilé àna nìkan la fòfin dè, ẹnikẹ́ni ò fòfin de ilé oúnjẹ. Mo jókòó.

Ọmọbìnrin kan kúnlẹ̀ kí mi. "Ẹ káàbọ̀, Baba. Kí la fẹ́ fún yín?"

"Iyán. Má jẹ̀ẹ́ kó pẹ́."

Kò pẹ́. Mo jẹ ẹ́ bí iná ṣe ń jẹ koríko ẹ̀ẹ̀rùn. Mi ò wo ọ̀tún, mi ò wo òsì. Ìgbà tí mo ń fi ìka gbá ìdí abọ́ ni mo tó gbórí sókè. Ẹ gbọ́, nígbà tí ebi wà nílé, ẹ̀gàn sùn. Bí ebi ṣe jáde báyìí, ẹ̀gàn jí, ó sì ń wá nǹkan ṣe.

Mo bi ọmọbìnrin yẹn pé, "Ta ló gún iyán yìí?"

"Ìyá mi ni, Baba."

"Ṣé ara rẹ̀ ò yá ni?"

Àwọn oní-sẹmíjàn bú sẹ́rìn-ín. Ẹ̀rín yẹn ló pa mí. Gbogbo ayé mi, mi ò tíì sọ̀rọ̀ kí èèyàn rẹ́rìn-ín rí. Ó dùn mọ́ mi lára. Mo jókòó dáadáa, mo ká ọwọ́ agbádá mi sórí èjìká.

Mo ní, "Àwọn obìnrin tó ń gúnyán ní ibùdókọ̀ yìí látijọ́, tí wọ́n bá gbé ọmọ odó sókè, ilẹ̀ á gbọ̀n. Èyí ńkọ́? Ṣe ni wọ́n ń fọwọ́ pa á lórí kó lè sùn."

"Baba, ẹ bá wa sọ fún wọn!" Oní-sẹmíjàn kan tó ní irùngbọ̀n ló sọ bẹ́ẹ̀.

"Ká tiẹ̀ fi ti gígún sílẹ̀. Iṣu yẹn fúnra rẹ̀ ńkọ́? Àbàtà nìyí ti hù. Ó mumi yó. Ọ̀lẹ ló gbìn ín. Ebè tó kọ ò ju orí ọmọ tuntun lọ. Tó bá jẹ́ lọ́dọ̀ wa ni irú ẹni bẹ́ẹ̀ wà, a máa gba ọkọ́ lọ́wọ́ rẹ̀ ni, a máa ní kó lọ máa ṣọ́ adìyẹ!"

Wọ́n tún rẹ́rìn-ín. Ẹnì kan ń na itan. Aṣọ báàṣì ẹ̀yìn bá ṣí, obìnrin kan jáde wá, ó rí gàgàrà, ọmọ odó ṣì wà lọ́wọ́ rẹ̀.

"Ta ló ń bú iyán mi?"

Mo ní, "Èmi ni."

Ó wo abọ́ iwájú mi. "Baba, abọ́ yín mọ́ tóní. Ṣé ìgbà tẹ́ ẹ jẹ ẹ́ tán lẹ tó mọ̀ pé kò dùn?"

"Ebi ló jẹ ẹ́. Èmi ò sí ńbẹ̀."

Kódà òun náà fẹ́rẹ̀ẹ́ rẹ́rìn-ín. Ó ní, "Ibo lẹ ti wá, tí ebi fi pa yín tó báyìí?"

Ó yẹ kí n dákẹ́. Ẹnu àìmẹ́nu, ètè àìmétè, òun ní í kó ọ̀ràn bá ẹ̀rẹ̀kẹ́. Mo ní, "Láti òkè. Mo wá tọrọ ọmọ nílé àwọn kan. Wọ́n gbé oúnjẹ wá, mo ní kí wọ́n gbé e lọ."

Ojú obìnrin náà yí pa dà. Ọmọbìnrin tó gbé oúnjẹ fún mi fi ọwọ́ bo ẹnu, ó sá wọ ẹ̀yìn báàṣì.

"Ilé àwọn wo nìyẹn, Baba?"

"Àwọn ará Doguè kan ni. Àwọn tó ń wá yá ọkọ́ lọ́wọ́ àwọn bàbá wa ní Manigri látijọ́. Kútọnu ti sọ wọ́n di èèyàn ńlá."

Ó wò mí láti fìlà dé bàtà, díẹ̀díẹ̀, bí ẹni tó ń wo aṣọ tó fẹ́ rà. Ó wá fi ohùn pẹ̀lẹ́ sọ pé, "Ó dáa, Baba. Ẹ máa lọ, ẹ rọra. Wọ́n á ti máa wá yín." Ó wọlé. Mo rò pé mo ti borí rẹ̀. Mo dìde bí ọba, mo ní ó dàbọ̀ fún àwọn oní-sẹmíjàn.

Mo rìn, mi ò rí ilé. Gbogbo ògiri náà ló ń wò mí bákan náà. Mo pa dà sí ìdí bẹ́ńṣì, mo bi onírùngbọ̀n yẹn: "Ọmọ mi, awakọ̀ kan wà ládùúgbò yìí tó ti fiṣẹ́ sílẹ̀, ará Doguè. Ibo nilé rẹ̀?"

Ó wò mí. Ó wo báàṣì. Ó wò mí pa dà. Ó tẹ̀ síwájú lórí bẹ́ńṣì, ó di inú mú, omi ń bọ́ lójú rẹ̀.

"Baba… ilé náà lẹ wà yìí. Ẹ̀yìnkùlé wọn nìyí. Ẹni tó gún iyán fún yín, ìyàwó bàbá yẹn ni. Ẹni tó gbé abọ́ wá, ọmọ wọn ni."

Mi ò rántí bí mo ṣe dé ojú ilé. Mo kàn mọ̀ pé mo sáré, ọjọ́ orí mi ò sì fàyè gba eré mọ́. Nígbà tí mo wọ pálọ̀, ẹ̀gbọ́n Àjàṣẹ́ ti dé, ó jókòó pẹ̀lú fìlà funfun. Bùráímọ̀ rọra fẹnu sí mi létí.

"Ẹ̀gbọ́n, kí ló wà lápá agbádá yín?"

"Omi ni."

"Omi tó ní ẹ̀gúsí?"

Mo ká apá náà mọ́ra. Wọ́n ní kí àwọn obìnrin wọlé. Wọ́n wọlé. Àwọn náà ni. Ìyá náà ti so gèlè míì, ó kúnlẹ̀ kí wa dáadáa, Àdízà wà lẹ́yìn rẹ̀, kò gbójú sókè. Bàbá Àdízà ní, "Ìyá Àdízà, wo àwọn àlejò wa. Wọn ò fi nǹkan kan sẹ́nu láti òwúrọ̀, nítorí àṣà wọn. Èèyàn gidi ni wọ́n."

Obìnrin náà kọjú sí mi. "Ẹ kú àìjẹun o, Baba."

Mo ní, "Òo."

"Ebi á ti pa yín."

Ó wá béèrè láàárín pálọ̀ pé iṣu tá a gbé wá, ta ló gbìn ín? Kí n tó mí, Bùráímọ̀ ti nàró: "Ẹ̀gbọ́n mi fúnra rẹ̀ ni! Láboko ni! Ní gbogbo Manigri, ní gbogbo Bassila, ẹ ò lè rí irú rẹ̀!"

"Ẹ ṣeun. Òun náà ni mo gún fún yín. Nígbà tẹ́ ẹ dá a pa dà, mi ò fẹ́ kó tutù, mo bù ú fún àwọn oníbàárà mi lẹ́yìn ilé. Ẹnì kan jẹ ẹ́, ó ní àbàtà ló ti hù. Ó ní ọ̀lẹ ló gbìn ín, kí wọ́n gba ọkọ́ lọ́wọ́ rẹ̀, kó lọ máa ṣọ́ adìyẹ."

Ẹ̀yin èèyàn mi, iṣu tèmi ni. Iṣu tí mo gbá ní ìka, tí mo gbọ́ ohùn rẹ̀. Ìgbà yẹn ni mo ṣẹ̀ṣẹ̀ mọ̀.

Bùráímọ̀ bínú gan-an. "Ta ni aláìmọ̀kan yẹn? Ìyá, ẹ fi hàn mí! Irú ẹni bẹ́ẹ̀ ò tiẹ̀ yẹ kí wọ́n fún un lómi mu!"

Mo fa aṣọ rẹ̀. Kò gbọ́. "Ẹ̀gbọ́n, ẹ jẹ́ kí n sọ ọ́! Ẹni tó bú iṣu yín, òmùgọ̀ ni!"

"Bùráímọ̀, jókòó. Èmi ni."

Bùráímọ̀ jókòó díẹ̀díẹ̀, bí ẹni tó ń jókòó sórí ẹyin.

Obìnrin náà ò pariwo. Ó ní, "Baba, ẹ ràn mí lọ́wọ́. Bí iṣu yẹn bá burú, iṣu burúkú lẹ fi wá tọrọ ọmọ mi nìyẹn. Bí iṣu yẹn bá sì dáa, irọ́ lẹ pa mọ́ mi lójú àwọn oníbàárà mi. Èwo ni kí n mú?"

Ìdákẹ́ tí wọ́n tìtorí rẹ̀ rán mi ti dé, ṣùgbọ́n ó pẹ́ kó tó dé.

Ó tún ní, "Ti Doguè, ti yíyá ọkọ́, mi ò bínú sí i. Ohun tí mò ń rò ni ọmọ yìí. Ìdí ìkòkò ni mo ti tọ́ ọ. Tó bá dé ilé yín, tó dáná, tẹ́ ẹ jẹ ẹ́ tán tẹ́ ẹ wá ń fi í ṣẹ̀sín lójú èèyàn, ọ̀dọ̀ ta ló máa sá lọ? Manigri jìn. Ọkùnrin tó ń tibodè bọ̀ yẹn, bí mo bá gbé oúnjẹ fún un, ó kàn ń jẹ ẹ́ ni."

Àdízà gbójú sókè, ó wo ìyá rẹ̀, omi wà lójú rẹ̀. Mo rántí ohùn Ràímì lórí fóònù. Mo ní lọ́kàn mi pé tí ọmọ yìí bá bọ́ mọ́ Ràímì lọ́wọ́ lónìí, èmi ni mo fi ẹnu mi lé e.

Ẹ̀gbọ́n Àjàṣẹ́ nu omi ẹ̀rín lójú. Ó ní, "Ṣebí wọ́n ní àwọn láṣà? Ẹni tó bá jẹun ṣáájú ìdáhùn, ohun tá a bá ní kó ṣe ló máa ṣe. Ó ti jẹun. Ìyàwó, kí lo fẹ́ kó ṣe?"

Obìnrin náà dìde. "Kó wá gún un. Iṣu rẹ̀ ló kù nílẹ̀ yẹn."

Ẹ̀yin tẹ́ ò mọ Manigri, ọkùnrin ń gbin iṣu, obìnrin ń gún un. Láti ìgbà tí mo ti dáyé ni mo ti ń gbọ́ ìró odó, mo rò pé etí ti kọ́ mi. Wọ́n mú mi dé ẹ̀yìn báàṣì. Àwọn oní-sẹmíjàn ò tíì lọ síṣẹ́. Wọ́n tún ti pe àwọn mìíràn wá. Wọ́n ka báàṣì sókè kí gbogbo ayé lè rí mi.

Mo gbé ọmọ odó sókè. Mo sọ ọ́ kalẹ̀. Ẹ̀gbẹ́ odó ló bà, ó ta pa dà, ó gbá mi léjìká. Mo tún un gbé. Èyí bọ́ sínú iṣu, ṣùgbọ́n ègé kan fò jáde, ó lọ bà lé fìlà funfun ẹ̀gbọ́n Àjàṣẹ́, ó jókòó síbẹ̀ bí ẹyẹ.

"Baba, ẹ rọra! Odó ò bú yín!"

Apá agbádá mi wọ inú odó, mo gún un mọ́ iṣu. Bùráímọ̀ wá fà á yọ, mo fẹ́rẹ̀ẹ́ gún òun náà. Mo ní kí wọ́n fún mi lómi, mo da omi sí i, ó ṣàn. Mo ní iṣu ni kí wọ́n fi kún un, wọ́n fi kún un, ó le. Èémí mi ń sọ hè-hè. Nígbà tí mo dáwọ́ dúró, ohun tó wà nínú odó yẹn, mi ò mọ orúkọ tó ń jẹ́. Ibì kan dà bí ẹ̀kọ, ibì kan dà bí òkúta.

Ìyá Àdízà bù ú, ó gbé e fún onírùngbọ̀n. Ọkùnrin náà fi ìka tẹ̀ ẹ́. "Tántì, ẹ dárí jì mí. Ojú ọ̀nà tí mò ń gbà lójoojúmọ́, kòtò àti gegele ni. Mi ò lè tún wá jẹ ẹ́." Ó fi fún èkejì. Èkejì fi fún ẹ̀kẹta. Abọ́ náà yí ká bẹ́ńṣì bí ọmọ òrukàn, kò sẹ́ni tó gbà á.

Obìnrin náà gbé e wá síwájú mi. Ó bu ọbẹ̀ lé e. Ó fa àpótí kan, ó jókòó sí ọ̀kánkán mi, ó fọwọ́ lẹ́rán.

Mo bẹ̀rẹ̀ sí í jẹ. Ẹ má gbàgbé pé mo ti yó. Òkèlè àkọ́kọ́ wọlé. Èkejì ní kókó tó tóbi tó àtàǹpàkò mi, mo gbé e mì bẹ́ẹ̀, mo gbọ́ ọ bó ṣe ń sọ̀ kalẹ̀. Òógùn bò mí. Àwọn oní-sẹmíjàn tó ń rẹ́rìn-ín tẹ́lẹ̀ ti dákẹ́, àánú mi ti ń ṣe wọ́n. Bùráímọ̀ yíjú sí ògiri. Gbogbo ọ̀rọ̀ ẹ̀gàn tí mo mọ̀ láyé ló to lórí ahọ́n mi, wọ́n fẹ́ jáde, torí oúnjẹ yẹn tọ́ sí gbogbo wọn. Mo ń gbé wọn mì pẹ̀lú kókó. Mo jẹ ẹ́ tán. Mo fi ìka gbá ìdí abọ́.

Ó ní, "Báwo ló ṣe rí, Baba?"

"Ó dùn."

"Ṣé ó dùn lóòótọ́?"

"Ó dùn."

"Ṣé kí n fi díẹ̀ kún un?"

Mo wo odó. Ó ṣì kù púpọ̀ níbẹ̀. Mo wo Àdízà, ó ti di ìbòrí rẹ̀ mú ṣinṣin. Mo gbé abọ́ náà sókè fún ìyá rẹ̀ pẹ̀lú ọwọ́ méjèèjì.

"Ẹ fi kún un."

Ó gba abọ́ náà, ó fẹ́ bù ú lóòótọ́, ẹ̀rín bá pa á. Ó rẹ́rìn-ín títí gèlè fi tú lórí rẹ̀, ó fi ọwọ́ di odó mú kó má bàa ṣubú. Ó wá kígbe sí ọkọ rẹ̀: "Bàbá Àdízà, ẹ fún wọn lọ́mọ! Ẹni tó lè jẹ irú èyí láì sọ nǹkan kan, kò sí ohun tí ọmọ mi máa sè tó máa bà á nínú jẹ́!"

Bẹ́ẹ̀ la ṣe gba ìyàwó. Ràímì ò mọ̀ bó ṣe ṣẹlẹ̀ títí di ọjọ́ ìgbéyàwó, nígbà tí Bùráímọ̀ sọ ọ́ fún gbogbo ìlú. Ọjọ́ mélòó kan ni inú mi fi ń dùn mí lẹ́yìn tí mo pa dà sí Manigri. Mi ò lè wo iṣu lójú.

Àdízà ti bímọ. Tí wọ́n bá wálé, òun ló máa ń gbé oúnjẹ fún mi. Ní ọdún tó kọjá, ó gbàgbé, kò fiyọ̀ sọ́bẹ̀. Àwọn tó kù ń wo ara wọn. Ó bi mí pé, "Baba, ṣé ó dáa?" Mo ní ó dáa. Mo jẹ ẹ́ tán, ó sì rẹ́rìn-ín rẹ́rìn-ín títí ó fi jókòó sílẹ̀, torí ó ti tọ́ ọ wò nílé ìdáná kó tó gbé e wá. Ó kàn fẹ́ wò ó bóyá mo ṣì rántí ni.

Ẹ̀kọ́ tí mo kọ́ ò gùn. Bí oúnjẹ bá wà lẹ́nu, ẹnu níṣẹ́ lọ́wọ́. Bí ó bá sì tán, kí ẹnu sinmi, torí ọwọ́ tó gbìn ín lè má jìnnà síbi tí o jókòó sí. Àgbàlagbà bíi tèmi ni mo ṣẹ̀ṣẹ̀ wá mọ ìyẹn, lórí bẹ́ńṣì, láàárín àwọn ẹlẹ́wù ìyeyè. Ẹ rẹ́rìn-ín. Ẹ má wò mí. Èmi náà ń rẹ́rìn-ín, ìyẹn nígbà tí kò bá sẹ́nì kankan nítòsí.